Réunion: erékùṣù tí èèyàn kan ti ń ṣe ẹ̀sìn méjì, tí ìjọba ò sì gbọdọ̀ bi í léèrè

Mọ́sáláṣí kan wà ní Saint-Denis, olú ìlú erékùṣù Réunion, Noor-e-Islam lorúkọ ẹ̀. Ọjọ́ 28 oṣù Kọkànlá ọdún 1905 ni wọ́n ṣí i. Ọjọ́ mọ́kànlá péré lẹ́yìn ìyẹn, ní ọjọ́ 9 oṣù Kejìlá, ni òfin tó ya ìjọba sọ́tọ̀ kúrò lára ẹ̀sìn jáde ní Faransé, òfin tí wọ́n ṣì ń tìtorí ẹ̀ pariwo mọ́ ara wọn lórí tẹlifíṣọ̀n títí di bí a ṣe ń sọ̀rọ̀ yìí. Paris tó ń ṣòfin ọ̀hún ò tíì ní mọ́sáláṣí ńlá kankan nígbà yẹn o, ọdún 1926 ni tiwọn tó dé.

Gbogbo ìgbà tí ìjà híjáàbù tàbí ti abáyà bá tún ti ru sókè ní Faransé lọ́hùn-ún, ẹ máa rí olóṣèlú kan tó máa dìde tó máa ní ẹ lọ wo Réunion, Kátólíìkì ń bẹ, Mùsùlùmí ń bẹ, Híńdù ń bẹ, wọ́n jọ ń gbé, kò sí wàhálà. Òótọ́ pọ̀ nínú ẹ̀. Àmọ́ wọ́n máa ń sọ ọ́ bíi pé òfin 1905 yẹn ló bí àlàáfíà náà, èmi ò sì gbà bẹ́ẹ̀ rárá. Tẹ́ẹ bá wo ìtàn erékùṣù yẹn dáadáa, ẹ máa rí i pé àwọn mẹ̀kúnnù ló fọwọ́ ara wọn ṣe é, ohun tí wọ́n sì fi ṣe púpọ̀ nínú ẹ̀ ni ohun tí àlùfáà sọ pé kí wọ́n má ṣe, tí òfin náà ò sì mọ ibi tí ì bá kọ ọ́ sí.

Ká kọ́kọ́ mọ ibi tá à ń sọ. Réunion kì í ṣe orílẹ̀-èdè. Faransé ni, bí Lyon tàbí Marseille ṣe jẹ́ Faransé náà ni, yúrò ni wọ́n ń ná, wọ́n ń dìbò yan ààrẹ Faransé, àmọ́ àárín Òkun Íńdíà ló wà, lápá ìlà-oòrùn Madagáskà, ó fi kìlómítà tó lé ní 9,000 jìnnà sí Paris. Ilẹ̀ ẹ̀ ò ju kìlómítà onígun mẹ́rin 2,512 lọ, òkè ayọnáyèéfín ló wà láàárín ẹ̀ kò sì fi bẹ́ẹ̀ ṣeé gbé, ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ jù nínú àwọn èèyàn tó sún mọ́ 900,000 fi há ara wọn mọ́ etí òkun. Nǹkan pàtàkì tó yẹ kẹ́ ẹ mọ̀ ni pé kò sẹ́ni tó ń gbé ibẹ̀ kí àwọn Faransé tó dé ní nǹkan bí 1660 sókè. Kò sí onílẹ̀. Kò sí òrìṣà ìlú tó ti wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ẹ̀sìn tó bá wà níbẹ̀ lónìí, inú ọkọ̀ ojú omi ló gbà wá, ẹlòmíì fẹsẹ̀ ara ẹ̀ wọkọ̀, ọ̀pọ̀ ni wọ́n sì dè wá.

Àwọn tí wọ́n dè wá, láti Madagáskà àti etíkun Mòsáńbíìkì ni púpọ̀ nínú wọn ti wá, oko kọfí ni wọ́n kọ́kọ́ fi wọ́n sí, ìgbà tó yá ó di oko ìrèké. Òfin tí ọba Faransé kọ ránṣẹ́ sí erékùṣù náà lórí ọ̀rọ̀ ẹrú ní 1723 sọ ọ́ kedere pé wọ́n gbọ́dọ̀ ṣèrìbọmi fún gbogbo ẹrú sínú Ìjọ Àgùdà. Kò sẹ́ni tó bi wọ́n pé ṣé wọ́n fẹ́. Ìgbà tí ìtúsílẹ̀ dé ní ọjọ́ 20 oṣù Kejìlá 1848, àwọn tó lé ní 60,000 ló dòmìnira lọ́jọ́ kan, Àgùdà sì ni púpọ̀ nínú wọn lórí ìwé.

Lórí ìwé ni mo wí o. Lálẹ́, tí onílé bá ti sùn, nǹkan míì ló ń ṣẹlẹ̀. Wọ́n ń pè é ní sèrvis zansèt, ìsìn àwọn baba ńlá, wọ́n á gbé oúnjẹ kalẹ̀ fún òkú, wọ́n á da ọtí sílẹ̀, wọ́n á lu ìlù títí ilẹ̀ á fi mọ́, àwọn baba ńlá á gun ẹlòmíì, á máa fọ èdè tí kò gbọ́ tẹ́lẹ̀. Orin tí wọ́n ń kọ níbẹ̀ ni maloya. Kì í ṣe ayé ẹrú nìkan ni wọ́n ti ń fi í pamọ́, títí wọ àwọn ọdún 1970 ni àwọn aláṣẹ ṣì ń dí i lọ́wọ́, ìdí kan ni pé ẹgbẹ́ Kọ́múníìsì erékùṣù náà ń fi pèrò wá sí ìpàdé wọn, ìdí kejì sì ni pé àwọn àlùfáà ò fẹ́ gbọ́ ọ rárá. Ẹ̀yìn 1981 ló tó fẹsẹ̀ múlẹ̀ ní gbangba. Ní 2009, UNESCO kọ ọ́ mọ́ àwọn àjogúnbá àgbáyé. Nǹkan tí wọ́n fi ọdún tó lé ní igba sá pamọ́ ló di ohun tí mẹ́yọ̀ ń sanwó fún lọ́jọ́ 20 oṣù Kejìlá.

Lẹ́yìn ìtúsílẹ̀, àwọn olóko ìrèké fẹ́ òṣìṣẹ́, àwọn tí wọ́n dá sílẹ̀ ò fẹ́ padà sínú oko, ta ló máa dá wọn lẹ́bi. Ni wọ́n bá lọ kó èèyàn ní Íńdíà, pàápàá ní gúúsù láàárín àwọn Támílì, wọ́n ní kí wọ́n tọwọ́ bọ̀wé fún ọdún márùn-ún. Faransé àti ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tó ń ṣe ọ̀gá Íńdíà ṣàdéhùn lórí ẹ̀ ní 1860, ní 1882 àwọn Gẹ̀ẹ́sì fòpin sí i torí ìyà tí wọ́n fi ń jẹ àwọn èèyàn náà, ṣùgbọ́n nígbà yẹn ọ̀kẹ́ àìmọye ti dé, èyí tó pọ̀ jù ò sì padà sílé mọ́. Malbar ni wọ́n ń pe àwọn ọmọ ọmọ wọn títí di òní.

Ibí ni ọ̀rọ̀ ti dùn. Àwọn olóko gbà kí àwọn Malbar kọ́ tẹ́ńpìlì kéékèèké sẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé iṣẹ́ ṣúgà, torí wọ́n mọ̀ pé ẹni tó bá ń rí òrìṣà ẹ̀ bọ ò ní tètè sá lọ. Àwọn àlùfáà Àgùdà ní tiwọn ò gbà, kí wọ́n ṣèrìbọmi ni. Kí làwọn Malbar wá ṣe? Wọ́n ṣe méjèèjì. Wọ́n gbé ọmọ lọ ṣèrìbọmi, wọ́n sọ ọ́ ní Marie, wọ́n sọ ọ́ ní Joseph, orúkọ ìdílé ṣì wà ní Támílì, nígbà tó yá wọ́n fá irun orí ọmọ kan náà ní tẹ́ńpìlì. Ọjọ́ Àìkú wọ́n lọ máàsì, bí àsìkò bá tó wọ́n gbààwẹ̀ ọjọ́ méjìdínlógún, kò sẹ́ran, kò sọ́tí, wọn ò sún mọ́ aya, lẹ́yìn náà wọ́n fẹsẹ̀ lásán rìn lórí ẹ̀yinná nítorí òrìṣà obìnrin tí wọ́n ń pè ní Pandialé. Tàbí kí wọ́n ru kavadi fún òrìṣà Murugan, igi tí wọ́n fi òdòdó ṣe lọ́ṣọ̀ọ́, abẹ́rẹ́ á gba ẹ̀rẹ̀kẹ́ àti ahọ́n kọjá, wọ́n á gba ojú títì ńlá lọ sí tẹ́ńpìlì, ọlọ́pàá Faransé á máa dá mọ́tò dúró fún wọn.

Àwa Yorùbá mọ ìdílé tí bàbá ń kí Jímọ̀, tí ìyá ń lọ Àlàdúrà, tí àwọn ọmọ sì ń jẹ ẹran Iléyá àti ìrẹsì Kérésì. Ti Réunion tún kọjá ìyẹn. Ènìyàn kan ṣoṣo ni, orí kan náà, kò sì rò pé òun ń tan ẹnikẹ́ni jẹ. Tẹ́ẹ bá ní kó yan ọ̀kan, ó ṣeé ṣe kó má yé e ohun tẹ́ ẹ̀ ń béèrè.

Àwọn Mùsùlùmí tó kọ́ mọ́sáláṣí 1905 yẹn ò wá gẹ́gẹ́ bí òṣìṣẹ́ oko. Láti Gujarat ni wọ́n ti wá, lágbègbè Surat, ìdajì kejì ọgọ́rùn-ún ọdún kọkàndínlógún ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í dé, owó tìkẹ́ẹ̀tì ara wọn ni wọ́n san, aṣọ ni wọ́n ń tà. Zarab ni wọ́n ń pè wọ́n, bẹ́ẹ̀ kì í ṣe Lárúbáwá ni wọ́n. Onísọ́ọ̀bù ni wọ́n, wọ́n lówó lọ́wọ́, wọ́n fowó ara wọn kọ́ mọ́sáláṣí, wọ́n ń fẹ́ ara wọn, wọn ò wá ìjà ẹnikẹ́ni. Lónìí ẹ lè gbọ́ ìpè ìrun láti orí mínárà ní àárín ọjà Saint-Denis, nǹkan tẹ́ ẹ lè wá ẹsẹ̀ ẹ̀ tì ní Faransé ti Yúróòpù lọ́hùn-ún. Ilé ẹ̀kọ́ Mùsùlùmí kan tún wà níbẹ̀, Taalim-oul-Islam, tí ìjọba ti ń sanwó tísà ẹ̀ láti 1990, nígbà tí kò tíì sí irú ẹ̀ kankan ní ilẹ̀ Faransé fúnra ẹ̀.

Àwọn ará Ṣáínà náà wá, Hakka àti àwọn ará Canton, wọ́n ṣí ṣọ́ọ̀bù kéékèèké sí gbogbo ìkóríta. Wọ́n kọ́ tẹ́ńpìlì fún Guan Di, ọ̀pọ̀ wọn sì di Àgùdà kí ọmọ wọn lè rí ilé ìwé gidi wọ̀. Ẹ mọ ibi tí ìyẹn gbé wọn dé? Bíṣọ́ọ̀bù tí wọ́n yàn fún Réunion ní 2023, Pascal Chane-Teng, ọmọ ìdílé tó ti Ṣáínà wá ni.

Ẹni tó wà lórí àga náà ṣáájú ẹ̀, Gilbert Aubry, ọdún mẹ́tàdínláàádọ́ta ló fi ṣe bíṣọ́ọ̀bù, láti 1976. Akéwì ni, ọmọ bíbí erékùṣù ni, mo sì rò pé kò sẹ́ni tó ṣe tó o láti jẹ́ kí Ìjọ Àgùdà ibẹ̀ yéé bínú sí àwọn tó kù. Òun àti àwọn aṣáájú Híńdù, Mùsùlùmí, àwọn ẹlẹ́sìn Búdà àti àwọn mìíì ni wọ́n jọ wà nínú ẹgbẹ́ kan tí wọ́n dá sílẹ̀ ní nǹkan bí ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n sẹ́yìn láti máa bára wọn sọ̀rọ̀ kí ọ̀rọ̀ tó di ariwo. Bí nǹkan burúkú bá ṣẹlẹ̀ ní Paris, ẹ̀ẹ́ rí gbogbo wọn lórí ìlà kan níwájú kámẹ́rà kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó ṣú.

Mo fẹ́ dúró díẹ̀ lórí Saint Expédit, torí òun gan-an ló jẹ́ kí n nífẹ̀ẹ́ ọ̀rọ̀ erékùṣù yìí. Tẹ́ẹ bá ń wakọ̀ ní Réunion ẹ máa rí ilé kékeré kan tí wọ́n kùn ní pupa fòò lẹ́bàá títì, ní ìkóríta, lábẹ́ àpáta, nínú ẹ̀ ni ère sójà Róòmù kan wà, òdòdó wà níwájú ẹ̀, àbẹ́là, ìgbà míì sìgá àti ọtí rọ́ọ̀mù. Ẹni mímọ́ tó ń tètè dáhùn ni. Ìdánwò, ẹjọ́ kóòtù, ọkọ tó ń wo ìta, ọ̀tá tó yẹ kó gbọ́ tiẹ̀, òun ni wọ́n ń ké pè. Ìjọ Àgùdà ò fi bẹ́ẹ̀ dá a lójú pé ẹni náà tiẹ̀ gbé ayé rí. Kò kan àwọn èèyàn. Àgùdà ń bọ ọ́, Malbar ń bọ ọ́, pupa tí wọ́n kùn ún sì jọ ti Kali, òrìṣà obìnrin àwọn Híńdù, ju ti Róòmù lọ. Tí wọ́n bá jẹ́jẹ̀ẹ́ tí kò ṣe é fún wọn, ẹlòmíì á lọ bẹ́ orí ère náà, ère tí kò lórí ò ṣòro rí níbẹ̀. Ẹ wá sọ fún mi, irú ojúbọ bẹ́ẹ̀ tó wà lórí ilẹ̀ ìjọba lẹ́bàá títì ìjọba, kí ni òfin 1905 fẹ́ ṣe fún un? Òfin yẹn ní wọn ò gbọ́dọ̀ gbé àmì ẹ̀sìn tuntun kankan sí ibi tó jẹ́ ti gbogbo ìlú. Mẹ́yọ̀ tó bá rán kátápílà lọ wó o, ẹ jẹ́ ká wò ó bóyá ó máa wọlé ìbò padà.

Òun nìkan kọ́ o. Wúńdíá Dúdú, ère Màríà aláwọ̀ dúdú, wà ní Rivière des Pluies, wọ́n ní ẹrú kan tó sá lọ ló gbàdúrà sí i tí igi ẹlẹ́gùn-ún fi hù bò ó mọ́lẹ̀ lójú àwọn tó ń lé e, ogunlọ́gọ̀ ló ń lọ síbẹ̀ ní ọjọ́ 15 oṣù Kẹjọ, àwọn Malbar náà ò gbẹ́yìn. Ṣọ́ọ̀ṣì kékeré Salette wà ní Saint-Leu, ti 1859 nígbà tí kọ́lẹ́rà ń pa èèyàn káàkiri erékùṣù. Ṣọ́ọ̀ṣì kan wà ní Piton Sainte-Rose, ní 1977 òkè ayọnáyèéfín rọ omi iná wá sínú abúlé, ó jó ilé, ó dé ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì, ó pín sí méjì ó sì gba ẹ̀gbẹ́ kọjá. Bẹ́ẹ̀ náà ni sàréè Sitarane ṣe wà ní Saint-Pierre, ọ̀daràn apànìyàn tí wọ́n bẹ́ lórí ní 1911, àwọn èèyàn ṣì ń gbé ọtí àti sìgá lọ fún un ní òru títí di òní, ohun tí wọ́n ń bẹ̀ ẹ́ fún ni mi ò ní sọ níbí.

Ó yá, òfin wá dà? Òfin 1905 sọ pé ìjọba ò dá ẹ̀sìn kankan mọ̀, kò ní sanwó oṣù fún àlùfáà, kò ní fún ẹ̀sìn kankan lówó. Ọdún 1911 ni wọ́n tó mú un dé Réunion. (Ibi tó pani lẹ́rìn-ín ni pé kò tíì dé gbogbo Faransé títí di òní, ní Guyane òfin kan láti 1828 ṣì ní kí owó ìlú san owó oṣù àwọn àlùfáà Àgùdà nìkan, ní Alsace náà ìjọba ń sanwó fún àlùfáà àti rábì.) Ṣọ́ọ̀ṣì tí wọ́n ti kọ́ kí òfin tó dé di ti ìjọba ìbílẹ̀, ìjọba ìbílẹ̀ ló ń tún òrùlé ẹ̀ ṣe. Mọ́sáláṣí àti tẹ́ńpìlì ńkọ́? Owó àpò ara wọn. Kò sẹ́ni tó pète kó rí bẹ́ẹ̀, àmọ́ bó ṣe rí nìyẹn.

Àwọn ìjọba ìbílẹ̀ ti wá ọgbọ́n sí i ṣá. Owó ò lè lọ sí ẹ̀sìn, ó lè lọ sí àṣà. Dípáfálì, àjọ̀dún iná àwọn Támílì, ti di ayẹyẹ ìlú ní Saint-André láti 1990, owó ìlú ló ń gbé e, ìtòlọ́wọ̀ọ́wọ́, iná aláràbarà, ijó, olórin láti Íńdíà. Àdúrà inú tẹ́ńpìlì nìkan ni wọ́n ní kò sí lára ẹ̀. Guan Di bẹ́ẹ̀. Ẹ̀ẹ́ rí mẹ́yọ̀, ẹ̀ẹ́ rí aṣojú-ṣòfin, pẹ̀lú òdòdó lọ́rùn àti àmì pupa níwájú orí, ó ń rẹ́rìn-ín fún fọ́tò ní tẹ́ńpìlì, ó dé mọ́sáláṣí lọ́jọ́ Ìtúnu Ààwẹ̀, ó dé ṣọ́ọ̀ṣì lọ́jọ́ Kérésì. Mẹ́yọ̀ kan tó bá dán irú ẹ̀ wò ní Faransé lọ́hùn-ún, ìwé ìròyìn á jẹ ẹ́ lẹ́ran.

Ohun kan tí òfin ò sì gbà rárá ni kíka iye. Láti 1872 ni ìkànìyàn Faransé ti yéé béèrè ẹ̀sìn lọ́wọ́ èèyàn, òfin 1978 lórí àkọsílẹ̀ ìsọfúnni sì tún ti ilẹ̀kùn náà pa. Nítorí náà tẹ́ẹ bá rí i lórí íntánẹ́ẹ̀tì pé ìdá báyìí jẹ́ Àgùdà, ìdá báyìí Híńdù, ẹ fọ̀rọ̀ náà sínú àpò, àfojúdá ni. Ká tiẹ̀ ní wọ́n fẹ́ kà á, báwo ni wọ́n á ṣe ka ìyá tó lọ máàsì láàárọ̀ tó sì gbé àkùkọ lọ fún Kali ní ìrọ̀lẹ́? Àpapọ̀ iye ẹlẹ́sìn á ju iye èèyàn lọ.

Níbo wá ni wàhálà wà? Ọ̀kan ni kàlẹ́ńdà. Ọlidé Faransé mọ́kànlá, mẹ́fà nínú ẹ̀ jẹ́ ti Kristẹni. Réunion ní ọ̀kan sí i, 20 oṣù Kejìlá, láti 1983. Kò sí Ìtúnu Ààwẹ̀, kò sí Iléyá, kò sí Dípáfálì, kò sí ọdún tuntun Támílì. Ní oṣù Kejì 2015, aṣojú-ṣòfin kan láti Réunion, Ericka Bareigts, gbé àbá lọ sí Paris pé kí àwọn erékùṣù òkè òkun lè fi ọjọ́ tó bá àṣà wọn mu rọ́pò díẹ̀ nínú àwọn ọlidé Àgùdà yẹn. Ilé aṣòfin kọ́kọ́ gbà á. Ariwo ta! Bíṣọ́ọ̀bù Aubry tó ń bá gbogbo ẹ̀sìn ṣọ̀rẹ́ ló wá dìde pé rárá o, àwọn olóṣèlú Paris tí kì í dé ṣọ́ọ̀ṣì rí náà bẹ̀rẹ̀ sí í gbèjà Ọjọ́ Ajé Àjíǹde. Wọ́n yọ ọ́ kúrò, kò di òfin. Bareigts padà di mínísítà fún àwọn ilẹ̀ Faransé tó wà lókè òkun ní 2016, ní 2020 ó di mẹ́yọ̀ Saint-Denis, ọ̀rọ̀ kàlẹ́ńdà ṣì wà níbi tó wà. Ẹ kíyè sí i pé nígbà tó dọ̀rọ̀ kí ẹnì kan fi nǹkan sílẹ̀ fún ẹlòmíì, ìwà jọ-ń-gbé-pọ̀ yẹn yára rí ẹnu ààlà ẹ̀.

Èkejì, tí mo rò pé ó lágbára ju ọ̀rọ̀ òfin lọ, ni àwọn tó fẹ́ fọ ẹ̀sìn wọn mọ́. Inú ẹ̀sìn kọ̀ọ̀kan ni wọ́n wà, ohun kan náà ni wọ́n sì ń sọ: yan ọ̀kan. Àwọn Pẹ́ńtíkọ́sì dé ní àwọn ọdún 1960, ìjọ tó gbajúmọ̀ jù ni Mission Salut et Guérison, wọ́n ní kéèyàn fọ́ ère Saint Expédit, kó má dé tẹ́ńpìlì mọ́, kó má jẹ oúnjẹ tí wọ́n gbé fún òkú. Láàárín àwọn Támílì náà, láti àwọn ọdún 1970 ni ìran tó kàwé ti ń ké sí àlùfáà láti Íńdíà àti Mauritius, wọ́n kọ́ tẹ́ńpìlì gàgàrà tuntun pẹ̀lú ilé ìṣọ́ aláràbarà bíi ti Tamil Nadu, wọ́n ń kọ́ èdè, wọ́n ní kí wọ́n yéé pa òbúkọ àti àkùkọ, kí wọ́n yéé gbé ọmọ lọ ṣèrìbọmi, pé ohun tí àwọn baba wọn ń ṣe nínú oko ìrèké, àdàlú lásán ni. Inú àwọn àgbà ò dùn sí i. Òbúkọ tí wọ́n bá pa fún Kali, wọ́n á sè é ní masalé, ọbẹ̀ eléròjà bíi ti Íńdíà, gbogbo àdúgbò á jẹ, Àgùdà ibẹ̀ á jẹ, Mùsùlùmí nìkan ló lè kọ̀. Àwọn ajàfẹ́tọ̀ọ́ ẹranko náà ti wá dá sí i, òfin sì sọ pé ilé ìpẹran ni wọ́n ti ń pa ẹran. Láàárín àwọn Mùsùlùmí, ọ̀dọ́ tó kàwé lọ́nà jíjìn wá ń sọ fún bàbá tó ń lọ sójú oórì àwọn ẹni mímọ́ Mùsùlùmí pé kò sí nínú Kùránì.

Mi ò sọ pé wọn ò lẹ́tọ̀ọ́. Ẹni tí wọ́n fipá rì bọmi fún baba ńlá ẹ̀ lè ní òun fẹ́ padà sí ìpilẹ̀ṣẹ̀ òun, ta ló máa dá a lẹ́kun. Àmọ́ àlàáfíà tí wọ́n ń yìn káàkiri yẹn, orí àdàlú yẹn ló jókòó sí. Bí olúkúlùkù bá fọ ilé ẹ̀ mọ́ tónítóní, tó ti ilẹ̀kùn, wọn ò tún ní máa pàdé mọ́ níbi tí wọ́n ti ń pàdé tẹ́lẹ̀, níwájú ojúbọ pupa kan náà.

Ìwà ipá náà ti yọjú rí, ká má purọ́. Ní oṣù Kẹrin 2017, ní Saint-Benoît, ọkùnrin kan tí wọ́n ti ń ṣọ́ torí èrò agbawèrèmẹ́sìn yìnbọn sí àwọn ọlọ́pàá tó wá mú un nílé, méjì fara gbọgbẹ́. Àwọn aṣáájú Mùsùlùmí bu ẹnu àtẹ́ lù ú, kò sì gbòde. Nígbà tí mínísítà ètò ẹ̀kọ́, Gabriel Attal, fòfin de abáyà nílé ìwé ìjọba ní 2023, òfin náà kan Réunion pẹ̀lú, bíi ti 2004 tó lé híjáàbù kúrò nínú kíláàsì. Àwọn Zarab tó bá fẹ́ kí ọmọbìnrin wọn bo orí ní owó ilé ìwé aládàáni. Ẹni tí kò ní owó ńkọ́?

Ìyẹn ló gbé wa dé ọ̀rọ̀ tó ń gbóná jù lọ lónìí, àwọn ará Mayotte. Mayotte náà jẹ́ Faransé, erékùṣù kékeré ni lẹ́gbẹ̀ẹ́ Comoros, Mùsùlùmí ni fẹ́rẹ̀ẹ́ gbogbo wọn, ó sì di ẹ̀ka ìjọba bíi Réunion ní 2011. Owó ìrànwọ́ ìjọba kéré níbẹ̀, ilé ìwé ò tó, ilé ìwòsàn ò tó, nítorí náà ó ti pẹ́ tí wọ́n ti ń wá sí Réunion, àwọn ará Comoros náà sì ń wá. Nígbà tí ìjì líle Chido wó Mayotte palẹ̀ ní ọjọ́ 14 oṣù Kejìlá 2024, àwọn míì tún sá wá. Ilé ìjọba onípẹ̀tẹ́ẹ̀sì ni wọ́n ń gbé ju, àwọn ọ̀dọ́ kan ń bá ara wọn jà lójú títì, ohun tẹ́ ẹ sì máa gbọ́ lẹ́nu aráàlú nísinsìnyí ni pé “àwọn ẹ̀yà wọ̀nyí” ò mọ bí a ṣe ń gbé pọ̀, ìyá aláṣọ aláràbarà tó fi ìyẹ̀fun kun ojú ò rí ilé háyà, wọn ò gba ọmọ ẹ̀ síṣẹ́.

Wọ́n ń fi bo ọ̀rọ̀ ẹ̀sìn, àmọ́ ẹ wò ó dáadáa. Mùsùlùmí ni Zarab, Mùsùlùmí ni ará Mayotte, Súnnì ni àwọn méjèèjì, ìrun kan náà ni wọ́n ń kí. Ọ̀kan ni wọ́n ń fi ṣàfihàn àlàáfíà Réunion, èkejì ni wọ́n ní ó fẹ́ ba àlàáfíà náà jẹ́. Ọ̀kan ni ṣọ́ọ̀bù, èkejì ò ní. Ó ju ìdá kan nínú mẹ́ta àwọn olùgbé erékùṣù yìí lọ tó wà lábẹ́ ìlà òṣì Faransé, iṣẹ́ ò sí fún àwọn tó ti wà níbẹ̀ láti ìran márùn-ún, ẹni tó sì ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ látinú ọkọ̀ òfuurufú ló rọrùn jù láti nà ìka sí. Bí wọ́n ṣe ń sọ nípa ará Mayotte yìí náà ni wọ́n sọ nípa Malbar nígbà kan, pé àjẹ́ ni, pé ó dọ̀tí, pé oògùn ló wà lọ́wọ́ ẹ̀, ọmọ ọmọ àwọn tí wọ́n bú bẹ́ẹ̀ wà lára àwọn tó ń bú èèyàn lónìí.

Ohun kan tó ń lọ lọ́wọ́ tí ìwé ìròyìn Paris kì í kọ ni pé àwọn ará Mayotte ti ń dá ibi ìkírun àti ilé kéú tiwọn sílẹ̀ ní àdúgbò wọn, nínú yàrá kékeré tí wọ́n ń háyà, wọn kì í fi bẹ́ẹ̀ rìn lọ sí mọ́sáláṣí ńlá inú ọjà. Òfin oṣù Kẹjọ 2021 sì ti lekoko sí i fún irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀, ìwé tí wọ́n gbọ́dọ̀ kọ ránṣẹ́ sí ọ́fíìsì ìjọba pọ̀ sí i, owó tó bá ti orílẹ̀-èdè míì wá tó bá ti kọjá yúrò 15,300 wọ́n gbọ́dọ̀ sọ ọ́. Mọ́sáláṣí Zarab ní agbẹjọ́rò àti akọ̀wé owó tó lè ṣe gbogbo ẹ̀. Yàrá kan tó ní ẹní mẹ́wàá nísàlẹ̀ ilé ìjọba ò ní. Ní Mayotte níbi tí wọ́n ti wá, òfin 1905 ò tíì dé rárá.